Àgbọ̀n Erinmi Kékeré

Kìtán kì í lè jókòó jẹ́ẹ́. Bí aago ògiri bá dákẹ́, á tú u palẹ̀. Bí wọ́n bá fi ìwé ìròyìn wé ẹ̀pà fún un, kó tó jẹ ẹ̀pà náà, á ti máa wá ibi tí wọ́n tẹ àdììtú ọ̀rọ̀ sí, á sì máa béèrè bírò lọ́wọ́ ẹni tó bá wà nítòsí. Ìṣirò ló kà ní yunifásítì, ó sì gbà nínú ọkàn rẹ̀ pé kò sí ohun tó fọ́ tí ènìyàn tó mọ bí a ti ń ronú kò lè tò padà.

Ọdún náà le. Epo bẹntiróòlù dàwátì, àwọn tísà jókòó sílé nítorí owó oṣù tí kò dé, àwọn dókítà ọsibítù náà sì ti daṣẹ́ sílẹ̀. Kìtán ti ṣe àgùnbánirọ̀ tán, ó ti kọ ìwé ìwáṣẹ́ títí ó fi sú u, ó wá ń gbé nínú yàrá ẹ̀yìnkùlé ilé ẹ̀gbọ́n rẹ̀ obìnrin, Ìtùnú, ní Ijapo Estate ní Àkúrẹ́. Ibẹ̀ ni Dókítà Moríyọ̀ Adébùsóyè ti wá a rí, nígbà tó gbọ́ pé ó mọ nǹkan tó fọ́ tò.

Ọmọ Oǹdó ni ìyá náà, onímọ̀ nípa eegun ayé àtijọ́ ni, ó ti fẹ̀yìn tì. Nígbà tó ṣì wà lẹ́nu iṣẹ́, ìhà Bornú ló máa ń lọ, níbi tí adágún ńlá kan wà láyé àtijọ́ kí omi rẹ̀ tó fà sẹ́yìn. Ẹrẹ̀ ìsàlẹ̀ adágún náà ti gbẹ, ó ti le, eegun àwọn ẹranko tó kú sínú rẹ̀ sì ti di òkúta: ìjàpá, ọ̀nì, erin, erinmi. Ó wà wọ́n jáde, ó kó wọn sínú agolo bísíkíìtì, ó gbé wọn bọ̀. Nígbà tí wọ́n ti ẹ̀ka tó ti ń ṣiṣẹ́ pa, wọ́n kó agolo wọ̀nyí jù sínú yàrá kan ní Àkúrẹ́, wọ́n sì fi àgádágodo sí i. Ọdún gorí ọdún kí wọ́n tó dá wọn padà fún un. Nígbà yẹn, awọ fẹ́lẹ́ kan ti bo ẹyin ojú rẹ̀ méjèèjì. Ó ń rí ènìyàn bí ẹni tó dúró nínú kùrukùru. Iṣẹ́ abẹ tí wọ́n fẹ́ ṣe fún un, ìdaṣẹ́sílẹ̀ àwọn dókítà ti dá a dúró.

Eegun kan wà láàárín wọn tí kì í lè dárúkọ kí ohùn rẹ̀ má yí padà. Àgbọ̀n erinmi ni, èyí tó ṣẹ́kù nínú rẹ̀ kò sì ju àtẹ́lẹwọ́ lọ. Ọ̀jọ̀gbọ́n Olúwọlé, tó ń gbé ní Ìbàdàn, ti sọ fún gbogbo ayé pé ọmọ erinmi ni, pé kò tíì dàgbà ló fi kéré. Dókítà Moríyọ̀ ní irọ́ ni. Ó ní àgbà erinmi ni, irú kékeré kan tí ẹnikẹ́ni kò tíì rí nínú adágún yẹn. Eyín ìkẹyìn ni ẹ̀rí rẹ̀, nítorí eyín yẹn kì í yọ lẹ́nu ọmọ. Ọjọ́ tó wà á jáde, ó fi itọ́ nu amọ̀ orí rẹ̀, ó rí eyín náà, ó ti jẹ, ó ti tẹ́ pẹrẹsẹ. Kò tíì pe ẹnikẹ́ni wá wò ó tí ìjì iyanrìn fi dé, tí wọ́n sáré kó wọ ọkọ̀. Amọ̀ tún bò ó padà nínú kánkán náà, ó gbẹ mọ́ ọn, ó ṣì bo eyín náà títí di òní olónìí. Ọ̀jọ̀gbọ́n wá gbà wàyí pé òun yóò wá sí Oǹdó lọ́jọ́ Sátidé láti fọ̀ ọ́ fúnra òun, lójú ìyá náà. Bí eyín bá wà níbẹ̀, òun yóò kọ ọ́ pé òun ṣì í, òun yóò sì kó gbogbo eegun náà lọ sí ibi tí wọn ò ti ní bàjẹ́.

"Ọ̀nì ni mo fẹ́ kí o tò fún mi," ìyá náà sọ fún Kìtán nígbà tí wọ́n kó àwọn agolo dé yàrá rẹ̀. "Bí Olúwọlé bá ti wọlé, kó kọ́kọ́ rí àgbọ̀n ọ̀nì gbọọrọ lórí tábìlì, kí ẹnu yà á. Erinmi tèmi, má fọwọ́ kàn án o. Bó ṣe wà ni kí o ṣe gbé e wá."

"Báwo ni màá ṣe mọ agolo ọ̀nì, mà?"

"Mo kọ ọ́ sí i lára. Gbogbo wọn ni mo kọ nǹkan sí." Ó nawọ́ ìgò kan sí i. "Gọ́ọ̀mù yìí ni kí o lò. Bí o bá ṣì í tò, omi gbígbóná á tú u, a ó tún un tò. Bí ohunkóhun bá sì rú ọ lójú, wọ ọkọ̀ wá bá mi ní Oǹdó."

"Mà, ẹ lọ bi àǹtí mi wò. Nǹkan kì í rú mi lójú."

Ìyá náà rẹ́rìn-ín. "Àwa náà ti jẹ́ ọmọdé rí," ó ní.

Ọ̀dà pupa ni wọ́n fi kọ orúkọ sára àwọn agolo, lẹ́tà gàdàgbà gàdàgbà, kò sí àmì ohùn kankan lórí wọn. IJAPA. ERIN. EJA. Kìtán rí èyí tí wọ́n kọ ONI sí, ó da ohun inú rẹ̀ sórí ẹní, inú rẹ̀ sì dùn bí ẹni tí wọ́n fi oúnjẹ ọdún pè. Àwọn eegun náà pọ́n bíi bíríkì, etí wọn mú. Ó ń gbé èyí sí ẹ̀gbẹ́ tọ̀hún, ó ń yí i, ó ń dojú rẹ̀ dé. Kò gbádùn nǹkan tó bẹ́ẹ̀ rí láti ìgbà tó ti jáde ilé ẹ̀kọ́. Àwọn aládùúgbò tó ń gba ojú fèrèsé kọjá bẹ̀rẹ̀ sí í pè é ní eléégún. "Ẹ̀yin tẹ́ ẹ gbé eegun jáde," ni wọ́n ń wí, "ìgbà wo lẹ máa jó?"

Àgbọ̀n náà gùn, ó ń gùn sí i, títí ó fi ku ibì kan péré. Àlàfo kan wà nítòsí ẹ̀yìn, ó dà bíi pé ènìyàn fi eyín gé e. Kìtán tú agolo náà wò, kò rí nǹkan. Ó gbọn aṣọ, ó gbọn ẹní. Ó wá ṣí àwọn agolo yòókù kúrò nílẹ̀, ó sì rí agolo kékeré kan ní ìsàlẹ̀ pátápátá. ONI ni wọ́n kọ sí òun náà.

Ó pariwo débi pé Ìtùnú sáré jáde láti ilé ìdáná.

"Kí ni? Ejò ni?"

"Àǹtí mi, mo ti rí i!"

Eegun kan ṣoṣo ló wà nínú rẹ̀, tí wọ́n wé sínú ìwé ìròyìn. Ó dúdú. Kókó amọ̀ líle kan wà ní ìparí rẹ̀, tó wú bí eékún ọmọdé. Kìtán gbé e sínú àlàfo náà. Ó fẹ́rẹ̀ẹ́ wọlé. Kókó amọ̀ yẹn nìkan ni kò jẹ́.

Ìtùnú bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó ń wò ó. "Èyí dúdú. Àwọn yòókù pọ́n. Ó dá ọ lójú pé ọmọ ìyá kan náà ni wọ́n?"

"Ibi tó sùn sí nínú ẹrẹ̀ ló yàtọ̀. Ṣé ẹ ò rí ohun tí wọ́n kọ sí agolo ni?"

"Mo rí i. Èmi ò kàn mọ̀ nípa eegun ni. Lọ bi màmá."

"Kí n lọ tò sí gáréèjì láti àárọ̀ torí igun kan péré? Níbo lepo wà?"

"Epo kọ́ ló ń dí ọ lọ́wọ́," Ìtùnú ní. "O ò fẹ́ kó gbọ́ pé nǹkan rú ọ lójú. Èmi ni mo pọ̀n ọ́, mo mọ̀ ọ́. Ó yá, wá sínú ulé wá jẹun."

Kìtán kò jẹun. Bí Ìtùnú ti kẹ́yìn padà, Kìtán lọ mú fáìlì irin tí ọkọ ẹ̀gbọ́n rẹ̀ fi ń pọ́n àdá, ó bẹ̀rẹ̀ sí í pọ́n kókó náà. Amọ̀ ń bọ́ bí ìyẹ̀fun. Nígbà tó yá, ohùn fáìlì yí padà. Kò ha bí ó ṣe ń ha tẹ́lẹ̀ mọ́. Ó ń dún tínrín, bí ìgbà tí ṣíbí bá ha abọ́ tánganran. Ọwọ́ Kìtán dúró díẹ̀. Ó gbé eegun náà sínú àlàfo, ó wò ó, ó rí i pé ó ku bín-ín-tín. Ó tún bẹ̀rẹ̀. Ó pọ́n ọn títí ó fi wọlé ṣìkún, inú rẹ̀ sì dùn gan-an nígbà tó gbọ́ ìró yẹn.

Gọ́ọ̀mù ìyá náà kò tètè gbẹ, òjò ń rọ̀. Kìtán lọ ra gọ́ọ̀mù tí àwọn mẹkáníìkì máa ń pò pọ̀ láti fi lẹ ojú irin. Kó tó jẹun alẹ́, àgbọ̀n náà ti le bí igi kan ṣoṣo.

Ọ̀nì gba gbogbo ọkàn rẹ̀ débi pé kò rántí wá agolo erinmi mọ́. Lọ́jọ́ Sátidé, ó gbé àgbọ̀n náà sínú páálí, ó fi àkísà há a ní ìhín àti lọ́hùn-ún, ó sì gbé e lé itan rẹ̀ nínú ọkọ̀ láti Àkúrẹ́ títí dé Oǹdó. Obìnrin tó jókòó tì í béèrè bóyá àkàrà òyìnbó ìgbéyàwó ni. Ó ní nǹkan tó dára jù bẹ́ẹ̀ lọ ni.

Dókítà Moríyọ̀ ti wọ aṣọ tó máa ń wọ lọ sí ṣọ́ọ̀ṣì. Àbúrò rẹ̀ ọkùnrin, Reuben, tísà àgbà tó ti fẹ̀yìn tì, ló bá Kìtán gbé páálí náà lé tábìlì. Nígbà tó ṣí i, ó fò sẹ́yìn.

"Háà! Ẹ̀gbọ́n mi, bí èyí bá já mi jẹ, ẹ̀yin lẹ máa sin mí o."

"Ó ti pẹ́ tí kò ti jẹun," ìyá náà ní. "Jẹ́ kí n wò ó."

Ọwọ́ ló fi wò ó. Ó bẹ̀rẹ̀ láti iwájú, ó ń fi ìka tọ́ eyín kọ̀ọ̀kan, ó ń rẹ́rìn-ín, ètè rẹ̀ ń mì bí ẹni tó ń kí ojúlùmọ̀. "Kìtán, o ṣeun. O ṣeun gan-an. O ò mọ ohun tí o ṣe fún mi." Ara Kìtán yá gágá. Ìka ìyá náà dé ẹ̀yìn, ó dúró.

"Kí ló dé tí ibí yìí dán?"

"Gọ́ọ̀mù ni, mà. Ó ṣàn díẹ̀."

"Mm." Ó tún fi ọwọ́ rà á lẹ́ẹ̀kan sí i, ó wá gbé ọwọ́ kúrò. "Ó dáa. Àǹfààní gọ́ọ̀mù yẹn nìyẹn, omi á mú un kúrò. Agolo òní ńkọ́? Gbé e fún mi, kó wà lórí ẹsẹ̀ mi kí Olúwọlé tó dé."

"Ọ̀nì náà nìyí, mà."

"Mo mọ̀. Agolo òní ni mo ní. Erinmi mi."

Kìtán tún wo inú páálí. Reuben ló ṣàlàyé fún un, ó rò pé kò gbọ́ ni. "Ti ọjọ́ ìjì yẹn ni. Gbogbo èyí tó ti wà jáde ṣáájú ti wà nínú agolo tiwọn, ìyẹn nìkan ló wà jáde lọ́jọ́ náà, kò sì sí àyè láti kọ̀wé gígùn. Òní ló kàn kọ sí i, pé ti òní nìyí. Mo ti gbọ́ ìtàn yẹn débi pé mo lè fi kọrin."

Òní. Ó rọrùn tó bẹ́ẹ̀. Ọmọ kíláàsì kìíní mọ̀ pé ọ̀rọ̀ kan tí a kò fàmì sí lè jẹ́ méjì. Kìtán wo eegun dúdú tó wà láàárín eegun pupa lórí tábìlì, ó sì yà á lẹ́nu pé òun rí i ní gbogbo ọjọ́ wọ̀nyẹn, òun sì ń pe gbogbo rẹ̀ ní eegun ẹranko kan ṣoṣo. Ó ti ń la ẹnu. Òótọ́ ni pé ó ti ń la ẹnu nígbà tí fèrè ọkọ̀ dún níta.

"Wọ́n ti dé," ìyá náà ní, ó dìde, ó ń na gèlè rẹ̀. "Kìtán, agolo náà dà?"

"Mo... mo gbàgbé rẹ̀ sílé, mà."

Ojú ìyá náà bàjẹ́, ṣùgbọ́n ó yára tún un ṣe. "Kò burú. A ó fi ọ̀nì dá wọn dúró, o ó sì sáré lọ gbé e wá. Má jẹ́ kí wọ́n rí i pé ọkàn rẹ dàrú."

Ọ̀jọ̀gbọ́n Olúwọlé ga, ó sì mọ̀wà á hù. Ó dọ̀bálẹ̀ fún Reuben, ó fi ọwọ́ méjèèjì bọ ìyá náà lọ́wọ́, ó béèrè àlàáfíà ojú rẹ̀. Lẹ́yìn náà ni ó yíjú sí tábìlì. Ó kọ́kọ́ súfèé. Kò tíì súfèé náà tán tó fi dákẹ́. Ó mú awò kékeré kan jáde nínú àpò, ó tẹ̀ mọ́ ẹ̀yìn àgbọ̀n náà, ó pẹ́ níbẹ̀.

"Dókítà," ó ní, "ta ló tò ó?"

"Abẹ́ àṣẹ mi ni wọ́n ti tò ó. Kí ló dé?"

"Nítorí pé erinmi ni èyí tó wà lẹ́yìn yìí. Èyí kékeré náà ni, tí mo tìtorí rẹ̀ wá. Wọ́n sì ti fi fáìlì pọ́n ọn." Ó gbé awò sílẹ̀ pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́. "Ibi tí ẹ ní eyín ìkẹyìn wà gan-an, ibẹ̀ ni wọ́n pọ́n."

Ìyá náà nawọ́, ó tún wá ibi tó dán yẹn kàn.

"Èmi ò fẹ́ sọ ohun tí kò yẹ," Ọ̀jọ̀gbọ́n ní. "Ṣùgbọ́n ẹ̀yin náà ti wà lẹ́nu iṣẹ́ yìí. Bí ẹ bá gbọ́ pé ẹnì kan ní ẹ̀rí, tí ẹ rin ìrìn àjò láti wá wo ẹ̀rí náà, tí ẹ sì bá a pé ọwọ́ ènìyàn ti pọ́n ọn dànù, kí lẹ máa rò?"

"Kí ni wọ́n máa rò?" Reuben ti dìde. "Ẹ sọ ọ́ síta! Ẹ̀gbọ́n mi ni ẹ fẹ́ pè ní ayédèrú nínú ilé baba rẹ̀?"

"Reuben, jókòó," ìyá náà ní. Kò yíjú sí Kìtán. Ìyẹn ló dun Kìtán jù. Bó bá yíjú sí i, bó bá bi í, yóò dáhùn. Ṣùgbọ́n ó kàn jókòó síbẹ̀ nínú aṣọ ṣọ́ọ̀ṣì rẹ̀, ìka rẹ̀ lórí eegun, ó ń gba ọ̀rọ̀ náà sára bí ẹni tí òjò ká mọ́ ojú ọ̀nà. Kìtán rí i pé bí òun bá dákẹ́, yóò kọjá bẹ́ẹ̀. Ọ̀jọ̀gbọ́n yóò wakọ̀ lọ, orúkọ ìyá náà ni yóò bàjẹ́ ní Ìbàdàn, òun yóò sì padà sí Àkúrẹ́ láìsí ohun tó ṣe òun. Ó sọ̀rọ̀ kó tó mọ̀ pé òun fẹ́ sọ̀rọ̀.

"Èmi ni, sà."

"Kí ni ìwọ?"

"Èmi ni mo pọ́n ọn. Agolo méjì ni wọ́n kọ... lẹ́tà kan náà ni. O, N, I. Mo pe méjèèjì ní ọ̀nì. Kò wọlé, mo wá pọ́n ọn. Àǹtí mi ní kí n wá béèrè, mi ò wá. Mo tún purọ́ fún màmá lẹ́ẹ̀kan lónìí. Lẹ́ẹ̀mejì."

Ọ̀jọ̀gbọ́n wò ó, ó wo ìyá náà, ó tún wo agolo ìjàpá mìíràn tí Reuben ti gbé wá sí Oǹdó ṣáájú, níbi tí ọ̀dà pupa wà. Lójijì ló bú sẹ́rìn-ín. Kì í ṣe ẹ̀rín ìkà. Ẹ̀rín ẹni tó gbọ́ àwàdà tó dára ni. "Ọ̀nì! Òní! Háà, Dókítà, ẹ̀yin náà! Àmì ohùn!" Ó nu ojú. Kìtán ì bá fẹ́ kó gbá òun létí ju kó rẹ́rìn-ín lọ.

"Mo gba ọmọ yìí gbọ́," Ọ̀jọ̀gbọ́n ní nígbà tó dákẹ́. "Ẹ má bínú sí ohun tí mo sọ. Ṣùgbọ́n mi ò lè kọ ọ́ pé eyín wà níbi tí kò ti sí eyín mọ́. Ohun tó wà nílẹ̀ tẹ́lẹ̀ náà ló ṣì wà nílẹ̀. Ọmọ erinmi."

Ó gba agolo ìjàpá, ó ní òun yóò rí i pé wọ́n tọ́jú rẹ̀ dáadáa. Kò gba omi mu. Reuben sìn ín dé ẹnu ọ̀nà.

Ìyá náà ní kí Kìtán gbé omi gbígbóná wá. Ó gbé e wá. Ìyá náà dà á sórí ibi dúdú náà, ó dúró, ó fi ìka mì ín. Kò mì. Ó tún dà á.

"Gọ́ọ̀mù wo lo lò?"

"Ti mẹkáníìkì, mà."

"Mm." Ó gbé kẹ́tùlù sílẹ̀. Nígbà tó tún sọ̀rọ̀, ohùn rẹ̀ kò le rárá. "Kìtán, wá jókòó. Mi ò fẹ́ kí o bẹ̀ mí. Mo fẹ́ bi ọ́ ní nǹkan kan. Ọjọ́ tí mo rí eyín yẹn, iyanrìn ti ń fẹ́ sí mi lójú, ilẹ̀ sì ti ń ṣú. Ó ti pẹ́. Nígbà míì, bí mo bá jí, mo máa ń rò pé bóyá mo kàn fẹ́ rí i ni mo ṣe rí i. Ṣé o gbọ́? Ìwọ, ojú rẹ ríran. Nígbà tí o pọ́n amọ̀ kúrò, kí o tó pọ́n nǹkan mìíràn, ohun kan wà níbẹ̀. Ṣé eyín ni? Ṣé ó ti jẹ?"

Ó na ojú tí kò ríran dáadáa yẹn sí i, ó ń dúró de èsì.

Irọ́ náà ì bá mà rọrùn láti pa o. Bẹ́ẹ̀ ni, mà. Ó ti jẹ, ó ti tẹ́ pẹrẹsẹ. Ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo, inú ìyá náà á dùn, kò sì sẹ́ni tó lè já a ní irọ́ láéláé. Kìtán wá eyín náà nínú ọkàn rẹ̀. Ó rí ìyẹ̀fun amọ̀ lórí ẹní. Ó gbọ́ ohùn fáìlì tó yí padà. Ó rí àlàfo yẹn, gbogbo igun rẹ̀, ó lè yà á lórí ìwé báyìí láìṣì í. Nǹkan tó ń pọ́n gan-an, kò rí i.

"Mi ò wò ó, mà," ó ní. "Etí rẹ̀ nìkan ni mo ń wò, bóyá ó máa wọlé."

Ìyá náà mi orí díẹ̀. Ó wá àgbọ̀n ọ̀nì náà kàn lórí tábìlì, ó tì í sẹ́yìn kó má baà já bọ́. Láti ẹnu ọ̀nà, Reuben ní oúnjẹ ti tutù, kí wọ́n wá jẹun. Ìyá náà ní òun ń bọ̀. Kìtán kò lè dìde. Ó jókòó síbẹ̀, ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì láàárín itan, ó sì ń gbọ́ bí omi gbígbóná náà ṣe ń kán láti orí tábìlì sílẹ̀.